Ìgbésí Ayé Òṣìṣẹ́ Kò Ṣeé Yà Tán Ní Ọjọ́ Kan

Ọ̀nà méjì ni ayàwòrán lè gbà sọ ìtàn ìdílé mẹ̀kúnnù nínú fíìmù. Ó lè dé ní òwúrọ̀, kí ó sì padà ní ìrọ̀lẹ́. Ó sì lè máa padà wá fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní tèmi, ọ̀nà kejì ni ó sún mọ́ òtítọ́ jù. Bí òní ti rí, ọ̀la kì í rí bẹ́ẹ̀, ni ó mú kí babaláwo máa dífá ní ọrọọrún.

Ẹ jẹ́ kí a wo ilẹ̀ Amẹ́ríkà. Ní ọdún 1991, oníròyìn Bill Moyers àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí ya ìdílé méjì ní ìlú Milwaukee, ọ̀kan aláwọ̀ dúdú, èkejì aláwọ̀ funfun. Ilé iṣẹ́ ti dá àwọn baba ilé méjèèjì dúró. Àwọn ayàwòrán náà padà síbẹ̀ léraléra, títí fíìmù Two American Families fi jáde ní ọdún 2013. Òmíràn tún tẹ̀ lé e ní ọdún 2024. Ẹni tí ó bá wo ọjọ́ kan péré nínú rẹ̀ lè wí pé ọ̀lẹ ni wọ́n. Ẹni tí ó bá wò ó dópin yóò rí i pé wọ́n ń ṣiṣẹ́ kára, ṣùgbọ́n owó iṣẹ́ tuntun kò tó ti àtijọ́, gbèsè sì gba ilé mọ́ ìdílé kan lọ́wọ́.

Nítòsí wa pẹ̀lú, ní ọdún 1954, Jean Rouch, ará Faransé, bá àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin mẹ́ta rin láti ilẹ̀ Niger lọ wá iṣẹ́ ní Gold Coast, tí í ṣe Ghana lónìí, níbi tí ọ̀pọ̀ Yorùbá náà ti lọ ṣòwò. Ẹ̀rọ rẹ̀ kò gba ohùn. Nítorí náà, ó fi àwòrán han àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin náà lẹ́yìn ìrìn àjò, wọ́n sì fi ẹnu ara wọn ròyìn rẹ̀, tàwàdà tòótọ́. Fíìmù náà, Jaguar, jáde ní ọdún 1967.

Àwọn kan yóò wí pé ìtọpinpin ni kí a máa gbé ẹ̀rọ wọ ilé aláìní. Ọ̀rọ̀ wọn ní ìwọ̀n. Ṣùgbọ́n ta ni ó jẹ̀bi jù? Ẹni tí ó ya omijé, tí kò sì ní padà wá mọ́ ni. Ẹni tí ó mọ̀ pé òun yóò tún kan ilẹ̀kùn náà lọ́dún tí ń bọ̀ yóò ṣọ́ ohun tí òun ń wí.

Ẹ̀yin ọmọ ilé-ìwé, fóònù ti mú àwòrán yíyà rọrùn ní Ṣàrẹ́ wa yìí. Ó rọrùn láti ya ìyá tí ó ń yan gàrí nínú èéfín, kí a sì pè é ní ìyà. Ẹ tọrọ àyè lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ padà wá ní ẹ̀ẹ̀rùn àti ní òjò, ní ọjọ́ tí ọjà kò tà, àti ní ọjọ́ tí gàrí náà san owó ilé-ìwé ọmọ rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí òun fúnra rẹ̀ wò ó, kí ó sì fi ohùn ara rẹ̀ sọ ìtàn náà. Bí ó bá wí pé kí ẹ pa á rẹ́, ẹ pa á rẹ́.