Ẹ Yé Wá Boxwood Kiri: Igi Ọgbà Tó Ń Tutù Yọ̀yọ̀ Wà Nítòsí Yín

Ọ̀rọ̀ tòní lè korò díẹ̀, àmọ́ a ní láti sọ ọ́.

Ẹni tó bá kọ́lé tán, tó fẹ́ fi igi ṣọgbà yí i ká, fóònù ló kọ́kọ́ ń wò báyìí. Á rí fọ́tò ọgbà òyìnbó: igi kúkúrú, ewé wẹ́wẹ́, wọ́n gé e gún régé bí ìgbà tí bábà fá irun. Boxwood ni wọ́n ń pè é. Ó parí, boxwood ló fẹ́! Ẹni tó ń ta ọmọ igi náà, kí ọjà má bàa bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀, á ní òun ní in. Igi mìíràn ló máa gbé fún un, owó boxwood ló máa gbà. Àwa ò fara mọ́ ọn, ìdí mẹ́ta la sì ní.

Àkọ́kọ́, boxwood inú ọgbà òyìnbó yẹn kì í ṣe igi ilẹ̀ olóoru. Èyí tí wọ́n ń gbìn jù nínú ẹ̀, Buxus sempervirens, ilẹ̀ Yúróòpù, àríwá ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà àti apá ìwọ̀-oòrùn Éṣíà ló ti wá, níbi tí òtútù ti máa ń mú lọ́dọọdún. Kò fẹ́ ilẹ̀ tí omi ń dúró sí rárá. Bí ìgbín ló sì ń dàgbà: nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 10 sí 15 lọ́dún kan. Ẹ ṣírò ẹ̀ wò. Kó tó ga dé èjìká yín, ó lè gbà tó ọdún mẹ́wàá.

Ìkejì, àwọn tó ni ín gan-an ti ń sá fún un. Láti àwọn ọdún 1990 ni àrùn kan ti wọ ọgbà boxwood ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ewé á ní àmì bí iná ṣe jó o, á re dànù, igi á wà níhòòhò. Ìyẹn ò tíì tán. Ní 2007, kòkòrò kan láti ìlà-oòrùn Éṣíà dé Jámánì àti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ìdin rẹ̀ á ta òwú bíi ti aláǹtakùn sára igi, á jẹ ewé kanlẹ̀. Wọ́n rí i ní Kánádà ní 2018, ó sì wọ Amẹ́ríkà ní 2021. Àwọn tó mọ̀ nípa ọgbà lọ́hùn-ún ń sọ fún ara wọn pé kí wọ́n wá igi mìíràn gbìn. Ohun tí onílé ń kó jáde, ṣé àwa la máa sáré lọ gbé wọlé?

Ìkẹta, a ní tiwa. Pẹ́rẹ́gún ńkọ́? Ẹ̀ẹ̀rùn ò ní kó wọ́wé, òjò ò ní kó rà. Ẹ gé ọ̀pá rẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà kan sí méjì, ẹ jẹ́ kí ojú ibi tí ẹ gé gbẹ fún ọjọ́ kan, ẹ gbìn ín nígbà tí òjò bá ti fẹsẹ̀ múlẹ̀, kí àárín ọ̀kan sí èkejì jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà kan. Ẹ má dorí ẹ̀ kodò o. Ó tán.

Àwọn kan á ní, "Ẹ gbà wá, igi òrìṣà nìyẹn!" Àwọn tó ń bọ òrìṣà ń lo obì, wọ́n ń lo iṣu náà. Ṣé a ti torí ìyẹn jáwọ́ nínú iyán? Pẹ́rẹ́gún tí ẹ ń fà tu yìí, òyìnbó ń fowó gidi rà á sínú ìkòkò, wọ́n ń gbé e sí pálọ̀.

Ìpalára mìíràn tún wà níbẹ̀. Pẹ́rẹ́gún ni ọ̀pọ̀ bàbá wa fi pa ààlà ilẹ̀. Tí ẹjọ́ ilẹ̀ bá dé kóòtù, ẹlẹ́rìí máa ń tọ́ka sí i pé, "Ibí ni tiwa parí sí." Ẹni tó bá hú u torí kó lè gbin igi inú fọ́tò, ẹ̀rí ilẹ̀ àwọn ọmọ ẹ̀ ló hú dànù yẹn.

Tó bá jẹ́ pé igi kúkúrú tó ṣeé gé rébété lẹ fẹ́, ẹ gbin ixora. Òótọ́ ni pé Éṣíà ló ti wá, àmọ́ ilẹ̀ olóoru bíi tiwa ni, ewé ẹ̀ kì í sì í tán lára ẹ̀. Ẹ yan èyí tí ewé rẹ̀ kéré. Nígbà tí ẹ bá ń gé e, kí ìsàlẹ̀ fẹ̀ ju òkè lọ, kí oòrùn lè dé ewé ìsàlẹ̀.

Lápálápá dára fún ọgbà oko torí ẹran kì í jẹ ẹ́, ṣùgbọ́n ó máa ń wọ́wé lẹ́ẹ̀rùn, èso rẹ̀ sì ní májèlé. Ẹ má gbìn ín síbi tí ọmọdé ti ń ṣeré. Ficus náà ń tutù lóòótọ́, àmọ́ ẹ má gbìn ín mọ́ ara ògiri tàbí páìpù omi. Gbòǹgbò ẹ̀ á bá yín jà.

Ẹ̀yin tó ń ta ọmọ igi, ọ̀dọ̀ yín la ń bọ̀. Ẹ pe igi ní orúkọ ẹ̀. Ẹ bi oníbàárà pé: ṣé oòrùn ń pa ibẹ̀? Ṣé omi ń dúró síbẹ̀? Ṣé ẹwà lẹ fẹ́ ni, àbí kó dínà ewúrẹ́? Ẹni tí ẹ bá tà á fún bó ṣe yẹ lónìí á mú aládùúgbò ẹ̀ wá lọ́la. Ẹni tí ẹ bá fi orúkọ òyìnbó rẹ́ jẹ, ẹ̀ẹ̀kan náà lẹ máa rí owó ẹ̀.

Òjò ń bọ̀. Kí ẹ tó náwó sórí ọmọ igi kankan, ẹ kọ́kọ́ wo ẹ̀yìnkùlé yín dáadáa. Ẹ bá wa fi ránṣẹ́ sí ẹni tó ń kọ́lé lọ́wọ́.