Ọ̀rọ̀ Agbo Ilé: Iná Tí Kò Ní Èéfín

  

Mo ti ṣèlérí pé mo máa sọ bí a ṣe lé jẹnẹrétọ̀ kúrò ní agbo ilé wa. Ẹ jẹ́ n bẹ̀rẹ̀ níbi tó ti dùn wá.

Lálẹ́ àìsùn ọdún Ṣàngó èṣí, òjò dé. Kí òjò má baà pa jẹnẹrétọ̀, èmi fúnra mi ni mo gbé e wọ ọ̀dẹ̀dẹ̀. Bàtá ń dún, a ń jó, kò sẹ́ni tó rántí pé ọmọ méjì ń sùn ní yàrá tó kángun síbẹ̀. Nígbà tí ìyá wọn lọ wò wọ́n ní ìdájí, ó pè wọ́n títí, wọn ò dáhùn. A sáré gbé wọn lọ sọ́sibítù. Orí bá wa ṣe é, wọ́n yè. Dókítà ní afẹ́fẹ́ olóró kan wà nínú èéfín jẹnẹrétọ̀ tí kò láwọ̀, tí kò sì lóòórùn. Ojú oorun ló ti ń pa èèyàn. Títí di òní, bí mo bá gbọ́ ìró jẹnẹrétọ̀ lóru, àyà mi máa ń já.

La bá ṣèpàdé ẹbí. Mo ní ká fi sólà sórí òrùlé. Ọ̀kan nínú àwọn bàbá wa kọ̀ jálẹ̀. Wọ́n ní, "Ṣàngó ló niná. Kí lẹ tún fẹ́ gbé lé ilé rẹ̀ lórí?" Mi ò bá wọn wí o. Ẹni tó ń ṣọ́ ilé òrìṣà gbọ́dọ̀ bèèrè.

Ìyá wa, Ìyá Ṣàngó, ló dá wọn lóhùn: "Ẹ̀gbọ́n, iná NEPA tí à ń tàn láti kékeré, ibo ló ti ń wá?" Kẹ́kẹ́ pa. Mo wá ṣàlàyé pé Odò Ọya ni wọ́n sé ní Kainji, tí ìjọba ṣí ní 1969. Omi ló ń yí ẹ̀rọ ibẹ̀, kì í ṣe epo. Ti Jẹ́bà náà, Odò Ọya yẹn kan náà ni. Ère Ṣàngó tí Ben Enwonwu fi idẹ ṣe ní 1964 ni wọ́n sì gbé síwájú ilé iṣẹ́ iná ní Marina l'Ékòó. Ọjọ́ ti pẹ́ tí a ti ń tanná lára Ọya, aya Ṣàngó. Ṣé oòrùn tí Olódùmarè dá ló wá di èèwọ̀?

Bàbá rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní, "Ó dáa, ẹ bi í léèrè ná." A fi orógbó bi Ṣàngó, ó fọre.

Ó ku owó. Kí wọ́n tó yọ owó ìrànwọ́ orí epo lóṣù karùn-ún 2023, lítà bẹntiróòlù kan kò tó ₦200. Kí 2024 tó parí, ó ti lé ní ₦1,000. Owó tí à ń dà sínú jẹnẹrétọ̀ la bẹ̀rẹ̀ sí í dá jọ. Oṣù mẹ́jọ ló gbà wá.

Kẹ́ ẹ tó lọ sọ́jà, ẹ kọ́kọ́ ka ohun tẹ́ ẹ ń lò. Gílóòbù 8 la ní, wáàtì 9 lọ́kọ̀ọ̀kan: 72. Fáànù 3, wáàtì 60 lọ́kọ̀ọ̀kan: 180. Ẹ̀rọ gbohùngbohùn: 50. Gbogbo rẹ̀ jẹ́ 302. Bó bá ṣiṣẹ́ fún wákàtí 8, ó di 2,416. A wá ra bátìrì tó lè gba ìlọ́po méjì iye yẹn, nítorí ọjọ́ òjò.

Síbẹ̀, lóṣù keje, iná kú mọ́ wa lójú lóru. Ẹnì kan ti yọ́ lọ ki fìríìjì bọ̀ ọ́! Ohun tí a ò bá kà mọ́ ọn, kò gbọdọ̀ débẹ̀.

Ohun méjì tún kù. Àkọ́kọ́, ẹ jẹ́ kí oníṣẹ́ ri wáyà mọ́lẹ̀ kí ààrá lè gbabẹ̀ wọlẹ̀. Ẹni tó gbé irin sórí òrùlé tí kò ṣe bẹ́ẹ̀ ń fín Ṣàngó níràn. Èkejì, òjé ló wà nínú bátìrì bíi ti mọ́tò. Ẹ̀yin ọmọ Ọbàtálá, ẹ mọ òjé lọ́wọ́. Àmọ́ òjé tí wọ́n bá fọ́ tàbí yọ́ lágbàlá máa ń ba ọpọlọ ọmọdé jẹ́. Bí bátìrì bá kú, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni là á nílé, ẹ má sì da omi rẹ̀ sódò. Ẹ dá a padà fún ẹni tó tà á.

Lọ́dún yìí, a jó di àfẹ̀mọ́jú. Fìtílà epo ṣì ń jó níwájú òrìṣà bó ṣe yẹ. Àwọn ọmọ méjèèjì sùn ní yàrá yẹn kan náà. Bí mo ṣe pè wọ́n láàárọ̀, wọ́n jẹ́.

Orí wa ò ní sùn. A ò ní fọwọ́ ara wa pa ọmọ wa. Àṣẹ.