Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn Kì í Ṣe Àìgba Kádàrá

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Mùsùlùmí, ẹ̀yin bàbá àti ẹ̀yin ìyá wa, ọ̀rọ̀ kan wà láàrin wa tí a kò lè máa fi abẹ́ ahọ́n sọ mọ́. Bí adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga bá ti dá ẹnì kan lẹ́bi pé ó pààyàn, tí ó sì ní kí wọ́n lọ yẹgi fún un, ohùn mẹ́ta ni a máa ń gbọ́. Ẹni kìíní á ní kádàrá ni, kí a gbà á fún Ọlọ́hun. Ẹnì kejì á ní, ta ni yóò gbèjà apààyàn? Ẹnì kẹta, tí ó sábà máa ń jẹ́ àáfà bíi tiwa, á ní kí ẹbí lọ wá owó àkànṣe àdúrà wá. Níbi tí wọ́n ti ń ṣe èyí, ọjọ́ ń lọ. A ń sọ ọ́ gbangba pé ohùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló ń ṣini lọ́nà.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ mọ ohun tí òfin wí. Òfin ìpìlẹ̀ Nàìjíríà ti ọdún 1999, ní abala 241, fún ẹni tí ilé ẹjọ́ gíga bá dájọ́ ikú fún ní ẹ̀tọ́ láti lọ sí ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn, láìtọrọ àyè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Bí ibẹ̀ náà bá fọwọ́ sí ìdájọ́ ikú yẹn, abala 233 fún un ní ẹ̀tọ́ láti dé ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ. Ṣùgbọ́n ẹ̀tọ́ náà ní gbèdéke. Ọjọ́ 90 ni òfin fún un láti fi ìwé sílẹ̀ lọ sí ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ọjọ́ 30 péré ni ti ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ.

Kí ni wọ́n ń ṣe níbẹ̀? Wọn kì í tún ẹjọ́ bẹ̀rẹ̀ látòkèdélẹ̀. Àwọn adájọ́ tí kò dín ní mẹ́ta ni yóò yẹ àkọsílẹ̀ ẹjọ́ wò. Wọ́n á wò ó bóyá ọlọ́pàá fi ìyà gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu ẹni náà. Bóyá ọ̀rọ̀ àwọn ẹlẹ́rìí tako ara wọn. Bóyá ó sọ ibi tí ó wà lọ́jọ́ náà, tí ọlọ́pàá kò sì lọ wádìí. Bóyá ó dájú pé ohun tí ó ṣe gan-an ló pa olóògbé. Nígbà mìíràn wọ́n á rí i pé wọ́n mú un bínú kọjá àlà, tí ẹjọ́ náà á sì kúrò ní ti ikú, tí á di ti ẹ̀wọ̀n.

Ẹ̀yin tí ẹ ń pe kádàrá, bí ibà bá mú ọmọ yín, ṣé kádàrá ni ẹ máa ń pè tàbí ilé ìwòsàn ni ẹ máa ń gbé e lọ? Ànábì wa (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) kọ́ wa pé kí a so ràkúnmí wa ná, kí a tó gbára lé Ọlọ́hun. Ìwé kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ni okùn ràkúnmí yẹn.

Ẹ̀yin tí ẹ ń bèèrè ẹni tí yóò gbèjà apààyàn, ẹ lọ wo Súrátù Nisáì láti ẹsẹ̀ 105. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ ìtumọ̀ Àlùkùránì ròyìn pé ẹnì kan láàrin àwọn Mùsùlùmí ìgbà náà jalè, ó sì dì í ru Júù kan tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀. Àwọn ènìyàn olè náà fẹ́ kí Ànábì gbè sẹ́yìn ẹni tiwọn, ṣùgbọ́n Ọlọ́hun sọ ọ̀rọ̀ kalẹ̀, Ó sì wẹ Júù náà mọ́. Bí ẹ̀sùn olè bá tó bẹ́ẹ̀ lójú Ọlọ́hun, mélòó mélòó ni ẹ̀sùn tí yóò gba ẹ̀mí? A kò fojú kéré ẹ̀jẹ̀ olóògbé, ẹkún àwọn ẹbí rẹ̀ sì ká wa lára. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá yẹgi fún aláìṣẹ̀, kò sí ẹ̀san fún olóògbé níbẹ̀. Apààyàn gan-an á máa yan fanda káàkiri ìlú.

Ẹni tí ó bá rò pé a ń sọ àsọdùn, kí ó wádìí ẹjọ́ Bello àti Agbẹjọ́rò Àgbà Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́, tí ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ dá ní ọdún 1986. Ẹ̀sùn ìdigunjalè ni ti Nasiru Bello, kì í ṣe ti ìpànìyàn, ṣùgbọ́n ikú ni ìdájọ́ rẹ̀. Ó ti pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ẹjọ́ náà ṣì wà nílẹ̀, wọn kò tíì dá a, tí ìjọba fi pa á. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní ohun tí ìjọba ṣe lòdì sí òfin, ó sì ní kí wọ́n sanwó fún àwọn tí ó fi sáyé lọ. Owó wo ló lè jí òkú?

Ó wá ku àwa àáfà. Àdúrà ni ohun ìjà onígbàgbọ́, a kò jiyàn. Ṣùgbọ́n àáfà tí ó gba owó lọ́yà lọ́wọ́ ìyá ẹlẹ́wọ̀n, tí ó fi hàntú rọ́pò rẹ̀, tí ọjọ́ 90 sì kọjá, kí ni yóò sọ lọ́jọ́ Àlùkìyámọ̀? Ohun tí ó yẹ kí àáfà kọ́kọ́ bèèrè ni pé, "Ọjọ́ wo ni wọ́n dájọ́? Ta ni lọ́yà yín?" Lẹ́yìn náà ni kí ó tẹ́wọ́ àdúrà.

Ẹ má sọ pé kò sówó. Legal Aid Council, tí ìjọba àpapọ̀ dá sílẹ̀ ní ọdún 1976, ń gba ẹjọ́ ìpànìyàn rò fún aláìní. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ wa tí ẹ kàwé òfin, ẹ gba ẹjọ́ ẹnì kọ̀ọ̀kan rò nítorí Ọlọ́hun. Ẹ̀yin ìjọ, ẹ ya díẹ̀ sọ́tọ̀ nínú sàdákà Jímọ̀ fún owó àkọsílẹ̀ ẹjọ́. Ẹni tí ó bá jẹ̀bi, ẹjọ́ á tún dá a lẹ́bi, ọkàn gbogbo wa á sì balẹ̀. Ẹni tí kò bá jẹ̀bi, àwa la ó dáhùn bí a bá fi í sílẹ̀.

Kí Ọlọ́hun má fi ẹ̀jẹ̀ aláìṣẹ̀ kọ́ wa lọ́rùn. Àmín.