ÀTẸ ILÉ-IṢẸ́ GBA ÌSỌ̀ WA, TA LÓ Ń SAN OWÓ ÌSỌ̀?

  

Ọ̀rọ̀ àtẹ la fẹ́ sọ. Ẹ̀yin náà ń rí i: ọkọ̀ ilé-iṣẹ́ á dé, wọ́n á sọ àtẹ onígíláàsì kalẹ̀ síwájú ìsọ̀, orúkọ wọn á wà lára rẹ̀ gàdàgbà. Wọ́n á ní ọ̀fẹ́ ni. Àwa náà á dúpẹ́, a ó bá wọn ya fọ́tò. Kò ní pẹ́ tí wọ́n á fi sọ pé a ò gbọdọ̀ gbé ọjà ẹlòmíràn sínú rẹ̀. Ọ̀fẹ́ wo nìyẹn? Àwa là ń san owó ìsọ̀, àwa là ń san owó iná, àwa náà là ń nu gíláàsì láàárọ̀!

Àwọn kan láàárín wa ń sọ pé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe é lókè òkun. Kì í ṣe ibi gbogbo ni wọ́n ti ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ní Amẹ́ríkà, ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ ló ń sanwó kí ọjà wọn tó ráyè lórí àtẹ ṣọ́ọ̀bù ńlá. Federal Trade Commission, tó ń mójú tó ọ̀rọ̀ ìṣòwò fún ìjọba ibẹ̀, gbé ìwádìí jáde lórí owó yìí ní 2003. Ohun tí wọ́n ń rà lọ́wọ́ ẹlòmíràn, àwa ń fi ta wọ́n lọ́rẹ.

Ẹ̀yin tó ń ta ohun ìṣeré ọmọdé, ẹ tẹ́tí. Ní 2011 ni Activision gbé Skylanders jáde. Ọmọláńgidi kéékèèké ni. Tí ọmọ bá gbé e lé ohun pẹlẹbẹ kan tó so mọ́ ẹ̀rọ géèmù, á yọ nínú tẹlifíṣọ̀n. Disney gbé Infinity tirẹ̀ dé ní 2013, Nintendo gbé amiibo dé ní 2014. Wọ́n pa wọ́n tẹ sí ṣọ́ọ̀bù, ọmọ á rí èyí tí kò ní, á fa ìyá rẹ̀ láṣọ.

Nígbà tó di oṣù Karùn-ún 2016, Disney ní òun ò ṣe Infinity mọ́. Ẹ̀dínwó ni wọ́n fi lé èyí tó kù nílẹ̀ jáde. LEGO Dimensions náà parí ní 2017. Lónìí, àwọn tó ń kó ọmọláńgidi géèmù jọ a máa wá àtẹ tí ṣọ́ọ̀bù lò rà, kí wọ́n fi to tiwọn sílé. Ẹ ò rí nǹkan! Ọjà kú, àtẹ ṣì ń pa owó. Àwa wá ń pe àyè àtẹ ní ọ̀fẹ́.

A ò sọ pé àtẹ ò dára o. Ọjà tó wà nínú àpò, ta ló máa rí i rà? Ohun tí a ń sọ nìyí:

Èkínní, kí a tó gba àtẹ, ẹ jẹ́ ká kọ ọ́ sílẹ̀: ta ló ni ín, ta ló máa tún un ṣe, ìgbà wo ni wọ́n máa gbé e lọ.

Èkejì, ilé-iṣẹ́ tó bá fẹ́ dá nìkan gba àtẹ, kó sanwó àyè, tàbí kó dín owó ọjà fún wa.

Ẹ̀kẹta, ọjà tí kò bá tà, kí wọ́n gbà á padà. Kí gbèsè má wà lọ́rùn wa nígbà tí wọ́n bá ní àwọn ò ṣe é mọ́.

Ẹ̀kẹrin, ẹni tó bá lágbára, kó bá káfíńtà sọ̀rọ̀, kó kan tirẹ̀. Tó bá jẹ́ tìẹ, ohun tó wù ọ́ lo máa tò síbẹ̀.

Bí ẹnì kan bá kọ̀, wọ́n á kọjá sí ìsọ̀ kejì. Bí gbogbo ọjà bá kọ̀, wọ́n á jókòó bá wa sọ̀rọ̀. Àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà. Ẹ má ṣe dá gbà á lẹ́yìn ẹgbẹ́ o!

Ajé ò ní sá fún wa.