Etí Ìró Méjì

Ní ọjọ́ 20 oṣù Ṣẹ́rẹ́ 2025, àjọ NCC, tó ń ṣàkóso ìbánisọ̀rọ̀ ní Nàìjíríà, fọwọ́ sí i pé kí àwọn ilé-iṣẹ́ ìbánisọ̀rọ̀ fowó kún iye tí wọ́n ń gbà, ó lè tó ìdá 50 nínú ọgọ́rùn-ún. Títí di òní, inú mi kò tíì rọ̀. Ẹ rántí dátà 15GB ti MTN, tó kúrò ní 2,000 náírà, tó di 6,000 lẹ́ẹ̀kan náà. Ìgbà tí ariwo sọ ni wọ́n tó tọrọ àforíjì. Ìyà yìí ń jẹ àwọn ọ̀dọ́ tó ń fi fídíò wá oúnjẹ òòjọ́ ní Ìkàrẹ́ àti Ọ̀kà, nítorí dátà ni wọ́n fi ń gbé ọjà wọn lọ síta.

Ṣùgbọ́n dátà ọ̀hún kan náà ni wọ́n fi ń wo fídíò ẹlòmíràn mọ́jú. Bí ìyá wọn bá bi wọ́n, wọ́n á ní, "Iṣẹ́ ni, mò ń kọ́ bí àwọn ẹgbẹ́ mi ṣe ń ṣe é." Òótọ́ díẹ̀ wà níbẹ̀. Àmọ́ fídíò tó mọ́ kedere lè jẹ ju 1GB lọ ní wákàtí kan. Lórí fídíò gígùn, kí YouTube tó bá ọ pín owó ìpolówó, o gbọ́dọ̀ ní alábàápín 1,000, kí aráyé sì ti wo iṣẹ́ rẹ fún wákàtí 4,000 láàárín ọdún kan. Wákàtí tí o fi wo ti ẹlòmíràn kò sí nínú rẹ̀. Àpò onítọ̀hún lo ń bá a kún.

N kò ní kí ẹnikẹ́ni má sinmi. Ẹni tó ṣiṣẹ́ yẹ kó gbádùn. Kí dátà iṣẹ́ wà lórí síìmù kan, kí ti ìgbádùn wà lórí òmíràn.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti ìyá mi, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni mo ti kọ́ èyí. Gàrí ló ń tà ní ọjà Ìkàrẹ́. Etí ìró kan ló ń di owó òwò sí, èkejì ló ń di èrè sí. Lọ́jọ́ kan, mo sunkún bọ̀ọ̀lì títí ohùn mi fi há. Ó tú etí ìró èrè, kò bá nǹkan kan níbẹ̀. Kò fọwọ́ kan èkejì. Ebi ni mo gbé délé, ṣùgbọ́n ní ọjọ́ ọjà kejì, gàrí wà lórí àtẹ.

Ẹ̀yin ọmọ wa, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi owó òwò ra ìran wò.