Ọlọ́pàá Kọ́ Ni Adájọ́ Ilẹ̀
Bí ajagungbalẹ̀ bá ya wọ oko, àgọ́ ọlọ́pàá ni ọ̀pọ̀ àgbẹ̀ ń sáré lọ. Bí wọ́n bá ṣá ènìyàn lọ́gbẹ́, ó tọ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n adájọ́ ni yóò sọ ẹni tí ó ni ilẹ̀. Òfin Ọlọ́pàá ti ọdún 2020 kọ̀ kí a mú ènìyàn nítorí aáwọ̀ lásán. Ẹ gba àṣẹ ilé ẹjọ́ tí kì yóò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni wọ ilẹ̀ náà títí ìdájọ́ yóò fi dé, kí ẹ sì bẹ adájọ́ kí ó pàṣẹ fún ọlọ́pàá láti dúró tì í. Ní Èkó, ẹ̀wọ̀n ọdún 10 ni òfin ọdún 2016 là sílẹ̀ fún ẹni tí ó bá fi ipá gba ilẹ̀. Àwa ń bi àwọn ọ̀gá ọlọ́pàá: èéṣe tí ẹni tí ó mú àṣẹ adájọ́ dání yóò tún fi máa wá owó epo ọkọ̀ kí ẹ tó bá a dé oko?