Ta Ni Ń Bọ́ Àwọn Jagunjagun Sparta?

Ní ìpàdé àríyànjiyàn tí ẹgbẹ́ wa ṣe ní sáà tí ó kọjá, ọ̀rẹ́ wa kan dìde, ó ní ohun tí ó ń ṣe àwa ọ̀dọ́ òde òní kò ju àìrí ìbáwí lọ. Ó ní bí a bá lè tọ́ wa bí àwọn ará Sparta ti ń tọ́ ọmọ wọn ní ilẹ̀ Gíríìkì láyé àtijọ́, gbogbo wa ni ìbá di ènìyàn. Ilé hó yèè! Àwọn tí kò mọ ibi tí Sparta wà pàápàá pàtẹ́wọ́. Èmi kò pàtẹ́wọ́, n kò sì rí àyè fèsì, nítorí alága ní àkókò ti lọ. Ìdí nìyí tí mo fi mú gègé.

Èdè Gíríìkì àti ti Látìn ni mo ń kọ́, nítorí náà àwọn ìwé tí ọ̀rọ̀ Sparta wà nínú wọn kò ṣàjèjì sí mi. Gbogbo ọdún tí mo bá dárúkọ níhìn-ín, ṣáájú ìbí Jésù ni; kí ẹ má ṣe jẹ́ kí n máa tún un wí.

N kò ní purọ́ mọ́ wọn: akọni ni wọ́n. Ní ọdún 480, Leonidas ọba wọn kó 300 ọmọ Sparta lọ sí ọ̀nà tóóró Thermopylae láti dá ogun Páṣíà dúró, wọ́n sì kú síbẹ̀ láìsá. Ṣùgbọ́n èéṣe tí àwọn tí ń sọ ìtàn yìí kì í fi í dárúkọ àwọn 700 ará Thespiae? Ìlú kékeré ni Thespiae. Àwọn ọmọ rẹ̀ kò lọ sí ilé ẹ̀kọ́ Sparta lọ́jọ́ kan. Herodotus sì jẹ́rìí pé fúnra wọn ni wọ́n yàn láti dúró, tí wọ́n sì bá Leonidas kú. A jẹ́ pé ènìyàn lè gbóyà láìjẹ pàṣán Sparta.

Pàṣán náà kò sì kéré. Bí ọmọkùnrin bá ti pé ọdún 7, ìjọba gbà á lọ́wọ́ ìyá rẹ̀ nìyẹn. Aṣọ kan ṣoṣo ni yóò wọ̀ yí ọdún po. Orí esùsú tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ já létí odò Eurotas ni yóò máa sùn. Oúnjẹ kì í tó, kí ó lè kọ́ bí a ti ń jí oúnjẹ. Bí ọwọ́ bá tẹ̀ ẹ́, wọn a nà án, kì í ṣe nítorí pé ó jalè, bí kò ṣe nítorí pé kò mọ̀ ọ́n jí. (Ọ̀rẹ́ wa kò sọ apá yìí fún wa.) Títí di ọdún 30 ni yóò máa sùn láàárín àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, bí ó tilẹ̀ ti gbéyàwó. Kò gbọdọ̀ ṣòwò, kò gbọdọ̀ ṣe iṣẹ́ ọwọ́, kì í sì í ro oko. Ogun nìkan ni iṣẹ́ rẹ̀.

Ó dára bẹ́ẹ̀. Ẹni tí kò roko, tí kò ṣòwò, kí ni ó ń jẹ?

Àwọn ará Gíríìkì pe àwọn tí ń bọ́ ọ ní Helot. N kò rí orúkọ tí ó bá wọn mu gẹ́gẹ́ ní èdè wa. Wọn kì í ṣe ìwọ̀fà, nítorí ìwọ̀fà a máa san gbèsè tán, a sì máa lọ. Wọn kì í sì í ṣe ẹrú tí a rà lọ́jà. Púpọ̀ nínú wọn jẹ́ ará Messenia, ní òdì kejì òkè Taygetus, tí Sparta fi ogun kó ní ọ̀rúndún kẹjọ àti ìkeje. Orí ilẹ̀ baba wọn ni wọ́n wà, tí wọ́n ń roko fún ọ̀gá tí ó gba ilẹ̀ náà. Tyrtaeus, akéwì Sparta fúnra wọn, sọ pé ìdajì ohun tí wọ́n bá kórè ni wọ́n ń gbé lọ fún ọ̀gá. Wọ́n sì pọ̀ ju àwọn ọ̀gá wọn lọ fíìfíì: nígbà tí Sparta lọ sí ogun Plataea ní ọdún 479, Herodotus ní 5,000 ọmọ Sparta ni ó lọ, Helot 7 sì tẹ̀ lé ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn. Ẹ ṣírò rẹ̀: 35,000.

Níhìn-ín ni gbòǹgbò gbogbo ìbáwí náà wà. Ẹ má ṣe jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé nítorí Páṣíà ni Sparta ṣe ń kọ́ ọmọ rẹ̀ lógun. Nítorí àwọn tí ń gbọ́ oúnjẹ fún un ni. Aristotle sọ pé bí àwọn ìjòyè 5 tí à ń pè ní Ephor bá ti gorí oyè lọ́dọọdún, wọn a kọ́kọ́ kéde ogun sí àwọn Helot, kí ẹni tí ó bá pa wọ́n má bàa jẹ̀bi ẹ̀jẹ̀. Wọn a sì yan ọ̀dọ́mọkùnrin, wọn a fún wọn ní ọ̀bẹ: kí wọ́n sá pamọ́ lọ́sàn-án, kí wọ́n máa pa Helot lóru. Ṣé ẹ̀kọ́ tí ọ̀rẹ́ wa fẹ́ kí a kọ́ nìyẹn?

Thucydides, tí ó jẹ́ balógun nígbà ogun láàárín Áténì àti Sparta, sọ ọ̀kan tí n kò lè gbàgbé láti ọjọ́ tí mo ti kà á. Sparta ké sí àwọn Helot pé kí àwọn tí ó gbà pé àwọn ti ṣe akin jù lójú ogun jáde wá, kí a lè sọ wọ́n di òmìnira. Nǹkan bí 2,000 ni a yàn. Wọ́n dé adé òdòdó, wọ́n ń yí ilé òrìṣà ká, ayọ̀ kún ọkàn wọn pé òmìnira dé. Láìpẹ́, a kò rí wọn mọ́. Kò sí ẹni tí ó mọ bí a ti pa ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn. Èrò àwọn ọ̀gá ni pé ẹni tí ó bá kọ́kọ́ jáde láti béèrè òmìnira ni yóò kọ́kọ́ dìde sí wọn. Ẹ wo ìlú tí ó ń wá akọni kiri kí ó lè pa á!

Ènìyàn lè sọ pé Áténì náà lẹ́rú. Òótọ́ ni, n kò gbèjà ihò fàdákà Laurium. Ẹlòmíràn lè sọ pé obìnrin Sparta ń ṣe eré ìdárayá, wọ́n sì ń ní ilẹ̀ ti ara wọn. Èyí náà jẹ́ òótọ́, mo sì yìn wọ́n fún un. Ṣùgbọ́n àwọn wo ni ó yin Sparta tí ìyìn rẹ̀ fi dé etí wa? Xenophon ará Áténì, tí Sparta fi ilẹ̀ ta lọ́rẹ. Àti Plutarch, tí a bí ní ohun tí ó ju 400 ọdún lọ lẹ́yìn tí agbára Sparta ti wó. Kò sí Helot kan tí ó kọ ìwé sílẹ̀.

Agbára náà ńkọ́? Ìbẹ̀rù jẹ ẹ́ tán. Ní nǹkan bí ọdún 464, ilẹ̀ mì tìtì, ilé wó, àwọn Helot sì dìde; Sparta alágbára ránṣẹ́ pe Áténì kí ó wá gbà á, nígbà tí Áténì dé tán, ẹ̀rù tún bà á, ó ní kí wọ́n padà sílé. Ní ọdún 425, a mú 292 ọmọ ogun wọn láàyè ní erékùṣù Sphacteria. Nǹkan bí 120 péré ni ó jẹ́ ọmọ Sparta gan-an nínú wọn, síbẹ̀ nítorí àwọn wọ̀nyí ni gbogbo ìlú fi ń bẹ̀bẹ̀ àlàáfíà.

Èéṣe tí 120 ènìyàn fi wọ́n tó bẹ́ẹ̀? Nítorí ẹni tí kò bá lè mú ọkà bálì, wáìnì, wàràkàṣì àti ọ̀pọ̀tọ́ wá síbi tí ẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń jẹun, ó ti bọ́ kúrò nínú ọmọ ìlú, bí ó ti wù kí ó gbóyà tó. Ilẹ̀ ń bọ́ sọ́wọ́ àwọn díẹ̀. Àwọn tí ó kù ń jábọ́, wọn kì í sì í fẹ́ gba àlejò mọ́ra. Herodotus ka ọkùnrin 8,000 fún wọn ní ọdún 480. Nígbà ayé Aristotle, ó ní wọn kò tó 1,000, lórí ilẹ̀ tí ó lè bọ́ 30,000. Ní nǹkan bí ọdún 399, Cinadon mú ẹnì kan dúró ní ọjà Sparta, ó ní kí ó ka ọmọ ìlú tí ó wà níbẹ̀. Ó ká nǹkan bí 40. Cinadon ní, "Àwọn wọ̀nyẹn ni ọ̀tá rẹ, àwọn yòókù, tí wọ́n ju 4,000 lọ, tìrẹ ni wọ́n." A pa Cinadon, ṣùgbọ́n kíkà tí ó kà kò yẹ̀.

Ní ọdún 371, Epaminondas ará Thebes pàdé wọn ní Leuctra. 700 ọmọ Sparta ni ó wà lójú ìjà. 400 kú, ọba wọn Cleombrotus pẹ̀lú. Wọn kò ní ẹni tí yóò rọ́pò wọn. Epaminondas sọ̀kalẹ̀ wọ ilẹ̀ wọn, ó sọ Messenia di òmìnira, nígbà tí ó sì di ọdún 369, àwọn Helot àná ti ń kọ́ ìlú Messene fún ara wọn, wọ́n sì fi òkúta mọ odi yí i ká. Púpọ̀ nínú odi náà ṣì dúró títí di òní.

Mo ń retí èsì ọ̀rẹ́ wa nínú ìwé ìròyìn tí ń bọ̀.